Àdéhùn Tó Ní Èdè Méjì: Ìkẹ́dùn Ẹgbẹ́ Obìnrin Ahun-ẹní lórí Alhaji Bashiru Fàsásì

Sí Alhaja Ọmọ́títí Fàsásì,
sí Qowiyyu àti Aqeelah,
àti sí gbogbo mọ̀lẹ́bí Fàsásì ní Òrù-Ìjẹ̀bú.

Pẹ̀lú ọkàn tó wúwo, ṣùgbọ́n tí ọpẹ́ kò tán nínú rẹ̀, ni àwa Ẹgbẹ́ Obìnrin Ahun-ẹní ti Ìjẹ̀bú-Igbó, Àgọ́-Ìwòyè àti Ògùn Waterside fi ń kọ ìwé yìí sí yín, lórí ìpapòdà ọkọ yín, bàbá yín, àti ẹni wa, Alhaji Bashiru Fàsásì, tó jẹ́ ìpè Ọlọ́run ní Ọjọ́bọ̀, lẹ́yìn àìsàn ọjọ́ mẹ́rin péré, ní ẹni ọdún mọ́kànléláàádọ́rin.

Alhaja, a kí yín kú ara fẹ́ra kù. Qowiyyu, Aqeelah, ẹ kú àfẹ́kù bàbá. Ẹni tí ẹ pàdánù kì í ṣe ẹni tí ènìyàn ń rí lójoojúmọ́, a sì mọ̀ pé ilé yóò gbòòrò jù fún yín ní àsìkò yìí. Èmi Hannah Oyètọ́lá, tí ẹ mọ̀ sí Ìyá Ẹgbẹ́, ni mò ń fi ọwọ́ ara mi kọ ọ́. Ìmísíolúwa, akọ̀wé wa, ti fẹ́ fi ẹ̀rọ tẹ̀ ẹ́ kó rí gún régé, ṣùgbọ́n mo ní kó fún mi ní bírò. Ìkẹ́dùn kan wà tí kò yẹ kí ẹlòmíràn bá ènìyàn kọ. Ibi tí lẹ́tà bá ti wọ́, ẹ dákun, ẹ bá mi nà án.

Ọ̀pọ̀ nínú àwọn tó wá kí yín ní ọjọ́ kẹjọ ló mọ Alhaji sí ọkùnrin tí kì í jẹ́ kí ọ̀rọ̀ kọjá lójú rẹ̀ láìbi í léèrè ibi tó ń lọ. Ohun tí púpọ̀ nínú wọn kò mọ̀ ni iṣẹ́ tó ṣe fún ọdún mọ́kàndínlọ́gbọ̀n nílé iṣẹ́ owó orí ìjọba kó tó fẹ̀yìn tì. Àwa náà kò mọ̀ ọ́n tẹ́lẹ̀. A rò pé ó ń dúró lẹ́nu ọjà ni, bíi ti àwọn agbowó orí tí a máa ń tìtorí wọn káṣọ bo ọjà wa lórí.

Kì í ṣe bẹ́ẹ̀ rárá. Iṣẹ́ Alhaji ni kíka àdéhùn. Bí orílẹ̀-èdè wa àti òmíràn bá fẹ́ pinnu ẹni tí yóò gba owó orí lọ́wọ́ oníṣòwò tó ń tà níhìn-ín tó sì ń tà lọ́hùn-ún, kí wọ́n má baà gbà á lẹ́ẹ̀mejì lọ́wọ́ ẹnì kan ṣoṣo, wọn a kọ àdéhùn sílẹ̀. Bó bá jẹ́ pé Faransé ni àwọn ará ọ̀hún ń sọ, wọn a kọ ọ́ ní Gẹ̀ẹ́sì, wọn a kọ ọ́ ní Faransé, wọn a sì fi sí ìparí rẹ̀ pé ìwé méjèèjì dọ́gba, ọ̀kan kò ju èkejì lọ. Alhaji ló ń jókòó sáàárín àwọn ìwé méjèèjì. Yóò fi ìka òsì sórí ọ̀kan, yóò fi ìka ọ̀tún sórí èkejì, yóò sì máa bá wọn rìn ní gbólóhùn gbólóhùn, kí ọ̀kan má baà sọ ohun tí èkejì kò gbọ́.

Òrù yín níbẹ̀ náà ló ti kọ́ Faransé. Nígbà tí àwọn tó sá ogun wá fi wà ní àgọ́ tí wọ́n pa fún wọn lọ́jọ́un, ọkùnrin kan wà láàárín wọn tó ti ṣe tíṣà níbi tí wọ́n ti ń sọ Faransé. Gbogbo Sátidé ni Alhaji ń gbé gàrí lọ bá a, ó ń fi gàrí kọ́ èdè. Alhaja, ẹ̀yin lẹ sọ fún mi pé gàrí kì í pẹ́ ẹ́ tán nílé yín nígbà náà, pé ẹ ti gbà lọ́kàn yín pé obìnrin ló ń gbé e lọ fún, títí tí ẹ fi tẹ̀ lé e lọ́jọ́ kan, tí ẹ sì bá a lórí àpótí, tó ń ka á-bí-dí àwọn Faransé bí ọmọ jẹ́lé-ó-sinmi. Ẹ má bínú pé mo kọ ọ́ síbí. Bí mo bá rántí rẹ̀, ẹ̀rín ni ń pa mí, mo sì rò pé ẹ̀rín díẹ̀ kò burú nínú ìwé tí ẹ ó máa kà nínú ọ̀fọ̀.

Ó sọ ọ̀rọ̀ kan fún wa rí tí ó yẹ kí àwọn ọmọ rẹ̀ mọ̀. Ìpàdé kan lórí irú àdéhùn bẹ́ẹ̀ ti fẹ́ẹ̀ parí, wọ́n ti ń gbé oúnjẹ bọ̀, ìbuwọ́lùwé ló kù. Alhaji ní kí wọ́n dúró. Ó ti rí i pé níbi tí Gẹ̀ẹ́sì ti sọ pé "àti", Faransé sọ pé "tàbí". Ẹni tó bá ka Gẹ̀ẹ́sì yóò rò pé ó dìgbà tí nǹkan méjì bá ṣẹlẹ̀ kí wọ́n tó gba owó orí lọ́wọ́ òun. Ẹni tó bá ka Faransé yóò rí i pé ọ̀kan ti tó. Inú ọ̀gá rẹ̀ kò dùn. Ọ̀gá náà ní Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n kọ́kọ́ kọ, òun ni àgbà, kí Faransé máa tẹ̀ lé e jẹ́jẹ́. Alhaji dáhùn pé:

"Ọ̀gá, nílé tiwa, Táyé ló ń kọ́kọ́ dé, Kẹ́hìndé sì ni ẹ̀gbọ́n. Ìbejì ni àdéhùn yìí. Ẹ má fi àkọ́dé yan àgbà fún un."

Oúnjẹ tutù. Ọjọ́ méjì gbáko ni wọ́n fi jókòó ti "àti" òun "tàbí" kí wọ́n tó bá ara wọn mu. Láti ìgbà náà ni wọ́n ti ń pè é ní Bàbá Ìbejì níbi iṣẹ́, ẹni tí kò bí ìbejì rí.

Ṣùgbọ́n ohun tí àwa ẹgbẹ́ fi ń kẹ́dùn rẹ̀ jù lọ ni ọ̀rọ̀ yàrá wa, n ó sì sọ ọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀, nítorí ó ṣeé ṣe kí ó má sọ gbogbo rẹ̀ fún yín nílé. Kì í ṣe ẹni tó ń ròyìn oore tó bá ṣe.

Ó ti tó ọdún márùn-ún tí a ti gba yàrá kan ní ìlú kan lẹ́yìn ẹnubodè, lórílẹ̀-èdè kan tí wọ́n ti ń sọ Faransé. Àwọn obìnrin wa ní Efire, ní Ògùn Waterside, ló ń hun ẹní, a ń fi ọkọ̀ ojú omi gbé wọn kọjá ọ̀sà, a sì ń fi ọkọ̀ ilẹ̀ gbé wọn dé ọ̀hún. Ẹni tó bá fẹ́ ẹní yóò ti sanwó rẹ̀ fún wa ní Efire, yóò ti gba ìwé ẹ̀rí owó rẹ̀, yóò kàn lọ sí yàrá náà lọ gbé ohun tó jẹ́ tirẹ̀ ni. Ọláyẹmí, ọmọ ọ̀kan nínú wa tó lọ́kọ sí ìlú náà, ló ń tọ́jú kọ́kọ́rọ́.

Nígbà tí òjò bẹ̀rẹ̀ ní ọdún yìí, àwọn òṣìṣẹ́ owó orí ìlú náà kọ̀wé sí wa, wọ́n ní kí ni a ń fi yàrá náà ṣe. Èmi ni mo pe èsì, Ìmísíolúwa ló kọ ọ́. Mo ní kó sọ fún wọn pé ìsọ̀ wa ni. Lẹ́nu tiwa, kí ni kì í ṣe ìsọ̀? Ibi tí a ti ń ta epo, ìsọ̀ ni. Ibi tí a kó pákó jọ sí, ìsọ̀ ni. Òrùlé tí a fi òpó mẹ́rin gbé dúró kí oòrùn má pa wá, ìsọ̀ náà ni. Ìmísíolúwa wá wo ọ̀rọ̀ yẹn, ó fi Gẹ̀ẹ́sì kọ ọ́ pé ṣọ́ọ̀bù wa ni. Mo fọwọ́ sí i, inú mi dùn pé èsì wa kúrú, kò sì ní àríyànjiyàn.

Kò pé ọ̀sẹ̀ mẹ́ta tí wọ́n fi lẹ ìwé pupa mọ́ ilẹ̀kùn. Wọ́n ní níwọ̀n ìgbà tí a ti fẹnu ara wa sọ pé ibi ìtajà ni, a ti di oníṣòwò lórílẹ̀-èdè àwọn, a sì jẹ àwọn ní owó orí láti ọjọ́ tí a ti gba yàrá. Wọ́n ní bí a kò bá yanjú rẹ̀ kí ọdún tó parí, àwọn yóò lu ohun tó wà nínú rẹ̀ ní gbàǹjo. Ẹní mẹ́tàlélọ́gọ́jọ ló wà níbẹ̀. Mọ́kànlá nínú wọn jẹ́ ti Àbíkẹ́.

Ẹ mọ Àbíkẹ́ ará Efire. Òun ni obìnrin pẹ́lẹ́ńgẹ́ tó jókòó ti Alhaja ní ọjọ́ kẹjọ. Kò sí ẹni tó ń hun ẹní bíi tirẹ̀ ní gbogbo etí ọ̀sà. Láti ọdún méjì ni ojú rẹ̀ ti ń ṣe bàìbàì, kò sì sí ohun tí a kò lò sí i. Nígbà tó hun ìkọkànlá yẹn tán, ó kó irinṣẹ́ rẹ̀ fún àwọn ọmọdébìnrin tó ń kọ́ṣẹ́, ó ní ìka òun ṣì mọ̀nà, ṣùgbọ́n ojú òun kò mọ pupa yàtọ̀ sí dúdú mọ́. Mọ́kànlá yẹn ló kẹ́yìn ohun tí ọwọ́ rẹ̀ yóò hun láyé. Òjò sì ń rọ̀ lé yàrá náà lórí, a kò sì lè wọlé lọ wò ó bóyá ó ń jò.

Àwa mẹ́ta la wá bá Alhaji nílé yín: èmi, Ìmísíolúwa, àti Àbíkẹ́. Alhaja, ẹ gbé ọ̀jọ̀jọ̀ gbígbóná kalẹ̀ fún wa, ikùn kò sì jẹ́ kí a kọ̀ ọ́. Ìmísíolúwa ń sunkún pé òun lòun ba ọ̀rọ̀ jẹ́. Mo ní kó dákẹ́, ẹnu mi ni ìsọ̀ ti jáde. Alhaji kò dá ẹnikẹ́ni lẹ́bi. Ó wọ yàrá lọ, ó gbé àdéhùn tó wà láàárín orílẹ̀-èdè méjèèjì jáde, ó tẹ́ Gẹ̀ẹ́sì sí apá òsì, ó tẹ́ Faransé sí apá ọ̀tún, ó sì fi ìka sí ibi tí wọ́n to àwọn ibi tí wọ́n ń kà sí ibi ìṣòwò sí.

Ó ní nínú Gẹ̀ẹ́sì, ọ̀rọ̀ tó wà níbẹ̀ kò gbà ju ibi tí ènìyàn ti ń tajà lọ. Ṣùgbọ́n nínú Faransé, màgàsáàn ni wọ́n kọ síbẹ̀, ibẹ̀ ni àwọn òṣìṣẹ́ yẹn sì dúró lé. Ó ní àwọn Faransé a máa pe ibi ìtajà ní màgàsáàn, wọn a sì tún máa pe ibi tí wọ́n ń kẹ́rù sí bẹ́ẹ̀.

Mo ní, "Alhaji, àwọn náà mà ní ìsọ̀ nìyẹn."

Ó wá bú sẹ́rìn-ín, fìlà rẹ̀ sì já bọ́ sínú abọ́ ọ̀jọ̀jọ̀. Ó ní gbogbo ọdún tí òun fi ṣe iṣẹ́ yìí, kò sí ẹni tó túmọ̀ màgàsáàn fún òun bẹ́ẹ̀ rí, ó sì ní kí Ìmísíolúwa nu ojú rẹ̀ nù, nítorí àṣìṣe rẹ̀ ti fi ọ̀nà hàn wá.

Ó ṣàlàyé rẹ̀ fún wa pẹ̀lú sùúrù. Ó ní bí ìwé méjì bá dọ́gba, tí ọ̀rọ̀ ọ̀kan gbòòrò tí ti èkejì mọ níwọ̀n, ènìyàn kì í fi èyí tó gbòòrò tẹ èkejì mọ́lẹ̀. Ibi tí àwọn méjèèjì ti lè jókòó pọ̀ ni ènìyàn ń wá. Ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì yẹn kò lè jókòó síbi ìkẹ́rùsí, kò gbà á láàyè. Ọ̀rọ̀ Faransé lè jókòó síbi ìtajà, ó sì rọ̀ ọ́ lọ́rùn. Nítorí náà, ibi ìtajà ni wọ́n ti pàdé, ibi ìkẹ́rùsí kò sí lára ohun tí àdéhùn ń wí. Pé àwa pe yàrá wa ní ìsọ̀, Yorùbá nìyẹn, a kò fi Yorùbá kọ àdéhùn náà. Iṣẹ́ tí a ń ṣe nínú yàrá ni kí wọ́n wò, kì í ṣe orúkọ tí a sọ ọ́.

Ọ̀rọ̀ yẹn dùn mọ́ mi dé ibi pé n kò mọ ìgbà tí orin bọ́ lẹ́nu mi:

*Ẹní lójú, ẹní lẹ́yìn o,*
*ọwọ́ kan náà ló hun wọ́n.*
*Bó o sùn sójú, oorun ni,*
*bó o sùn sẹ́yìn, oorun ni,*
*má jẹ́ kójú bẹ́yìn jà.*

Alhaji ní kí n tún un kọ kí òun fi fóònù gbà á sílẹ̀ fún Aqeelah. Aqeelah, bó bá ṣì wà lọ́wọ́ rẹ, èmi Ìyá Ẹgbẹ́ lo ń gbọ́ yẹn, ìlù tó sì ń dún lábẹ́ rẹ̀ ni ìka bàbá rẹ lórí tábìlì.

Lẹ́yìn èyí ló gbé bírò, tó bi wá léèrè bóyá a ti ta ẹní kankan nínú yàrá náà rí. Kò tíì sọ ọ́ tán tí mo fi ní rárá. Àbíkẹ́, tí kò tíì sọ̀rọ̀ láti àárọ̀, ló ní, "Ọ̀kan. Èmi ni mo tà á."

Ó ní ní ọdún kẹta, òun bá ẹrù lọ, aboyún kan wá fara ti ẹnu ọ̀nà láti sinmi, ó rí ẹní, ó fẹ́ ẹ, òun sì tà á fún un. Mo fún un léèkánná nítan, n kò ní purọ́ fún yín. Ẹni tí mọ́kànlá rẹ̀ wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn, òun náà ló fẹ́ fọwọ́ ara rẹ̀ tì í pa. Mo bẹ Alhaji pé kó ṣe bí ẹni tí kò gbọ́, ẹní kan ṣoṣo ni, ta ni yóò mọ̀? Alhaji gbé bírò kalẹ̀, ó sì kọjú sí Àbíkẹ́ bí ẹni pé èmi kò sí níbẹ̀.

"Màmá, ẹ ṣeun. Ìwé lè ní èdè méjì. Ẹni tó ń jẹ́rìí níwájú rẹ̀ kò gbọdọ̀ ní ẹnu méjì."

Ojú tì mí, ó sì tọ́ kó tì mí. Ó kọ ẹní kan yẹn sínú ìwé, sí ojú ewé àkọ́kọ́, níbi tí ẹnikẹ́ni kò ti lè fò ó. Ojú ewé méje ló kọ ní Gẹ̀ẹ́sì, ó tún kọ méje ní Faransé, ó sì ya ojú ewé kan sọ́tọ̀ fún ìsọ̀ nìkan, ohun tó jẹ́ àti gbogbo ohun tó lè jẹ́. Kò gba nǹkan kan lọ́wọ́ wa. Nígbà tí a tẹnu mọ́ ọn, ó ní kí n máa pe òun ní gbogbo ọjọ́ Ajé láti béèrè, kí fóònù òun má baà gbàgbé bí wọ́n ṣe ń dún.

Bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe ń pè é fún ọ̀sẹ̀ méje. A ó sọ̀rọ̀ èsì tí kò dé fún ìṣẹ́jú kan, a ó sì fi èyí tó kù bú ara wa. Yóò ní ohùn mi ti ń gbó, n ó ní irun tirẹ̀ ti tán. Ní ọjọ́ Ajé tó kẹ́yìn, ohùn rẹ̀ rẹlẹ̀, Qowiyyu ló bá a mú fóònù mọ́ etí. Kò bá mi ṣàwàdà lọ́jọ́ náà. Mo bi í bóyá ó ń bẹ̀rù pé ọ̀rọ̀ Àbíkẹ́ lè pa wá lára. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, bí wọ́n bá ka Faransé nìkan, wọ́n á dá wa lẹ́bi. Bí wọ́n bá ka méjèèjì, wọ́n á ṣí ilẹ̀kùn. Ọkàn mi balẹ̀." Ní Ọjọ́bọ̀ ni ẹ ránṣẹ́ sí mi.

Nígbà tí a wá fún ọjọ́ kẹjọ, orin ń gbé mi lọ́fun, ṣùgbọ́n àwọn ààfáà ń ṣàdúrà, mo sì mọ ibi tí mo wà. Mo pa á mọ́ra títí ọkọ̀ wa fi kọjá Àgọ́-Ìwòyè. Ibẹ̀ ni mo ti sọ ọ́ sílẹ̀, gbogbo ọkọ̀ sì gbè é, títí kan dẹ́rẹ́bà:

*Ó lọ o, kò gbé kọ́kọ́rọ́ lọ,*
*ó lọ o, kò gbé kọ́kọ́rọ́ lọ.*
*Ilẹ̀kùn tó ń kàn fún wa,*
*ẹni tó kù á bá a ṣí i.*

Alhaja, ìdí nìyí tí ìkẹ́dùn wa fi pẹ́ díẹ̀ kó tó dé ọwọ́ yín. Ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun tó tẹ̀ lé ọjọ́ kẹjọ ni èsì dé. Faransé wà lókè, Gẹ̀ẹ́sì wà nísàlẹ̀. Ìmísíolúwa kà á fún wa lábẹ́ igi ní Efire. Wọ́n ní àwọn ti ka ìwé méjèèjì pọ̀. Wọ́n ní ibi ìkẹ́rùsí ni yàrá wa, kì í ṣe ibi ìtajà, àti pé ẹní kan tí a tà fún aboyún tó rẹ̀ kò sọ ọ́ di ibi ìtajà, ṣùgbọ́n kí a má ṣe é mọ́. Wọ́n ní kí Ọláyẹmí wá gba ìwé kí wọ́n sì ṣí ilẹ̀kùn. Ọ̀gá tó fọwọ́ sí i wá fi bírò kọ ọ̀rọ̀ díẹ̀ sí ìsàlẹ̀. Ó ní kí a bá òun kí ẹni tó kọ ìwé náà. Ó ní ojú ewé tó sọ̀rọ̀ ìsọ̀ ni òun fi ń kọ́ àwọn ọmọ iṣẹ́ òun báyìí.

A kò lè jẹ́ iṣẹ́ yẹn fún Alhaji mọ́. Ẹ̀yin ni a wá jẹ́ ẹ fún. Ẹ̀yin aya rẹ̀, ẹ̀yin ọmọ rẹ̀, wọ́n ní ká kí i. Ó ṣe é, ó sì ṣe é dáadáa.

Àwọn obìnrin Efire jó lọ́jọ́ náà, a kò fi pa mọ́ fún yín. Kì í ṣe pé a gbàgbé ẹni tó kú. Orúkọ rẹ̀ ni a fi ń jó, "Bashiru ọmọ aláre", àwọn tí kò rí i rí ń pè é bí ẹni pé ó ń gbé àdúgbò. Ọláyẹmí ṣí ilẹ̀kùn ní Ọjọ́rú. Òrùlé ti jò, ẹní mọ́kàndínlógún ti bàjẹ́, méjì jẹ́ ti Àbíkẹ́. Mẹ́sàn-án tó kù nínú tirẹ̀ ni a ní kí wọ́n gbé padà wá sílé, wọ́n sì gúnlẹ̀ sí Efire ní ìrọ̀lẹ́ Sátidé. Ó jókòó ti ọkọ̀ ojú omi, ó ń fi àtẹ́lẹwọ́ wo wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan, ó ń sọ oṣù tó hun ọ̀kọ̀ọ̀kan àti ẹni tó wá kí i nígbà tó ń hun ún.

Ẹgbẹ́ wa ṣe ìpàdé, a sì fohùn ṣọ̀kan lórí ohun tí a ó ṣe fún yín. Ní gbogbo àsìkò opó yín, Alhaja, ọmọ ẹgbẹ́ méjì yóò máa wá bá yín jókòó ní gbogbo Ọjọ́rú. Kì í ṣe àlejò tí ẹ ó máa dáná fún. Wọ́n ó gbé oúnjẹ wọn dání, wọ́n ó gbálẹ̀, wọ́n ó sì mọ ìgbà tó yẹ kí wọ́n dákẹ́. Mo ti kìlọ̀ fún wọn nípa èyí tó kẹ́yìn yẹn, èmi náà sì ti kìlọ̀ fún ara mi.

A tún bẹ Qowiyyu nítorí ìwé ẹlẹ́yìn búlúù tí bàbá rẹ̀ máa ń kọ ọ̀rọ̀ sí, èyí tó fa ìlà sí lọ́nà mẹ́ta, Yorùbá níbi kan, Gẹ̀ẹ́sì níbi kan, Faransé níbi kan. Bí ẹ bá ń palẹ̀ ẹrù rẹ̀ mọ́, ẹ má jẹ́ kó di ohun tí wọ́n ń fi pọ́n ẹ̀pà. Ìmísíolúwa ti ṣetán láti dà á kọ, kí Aqeelah, tó ń kọ́ nípa òfin ní Àgọ́-Ìwòyè, lè ní ọ̀kan, kí ẹgbẹ́ sì ní ọ̀kan. Bí Aqeelah bá sì fẹ́ kọ́ Faransé, ẹgbẹ́ yóò wá olùkọ́ fún un. Gàrí wà ní Mamu, gàrí wà ní Ìjẹ̀bú-Igbó, kò lè wọ́n wa.

Ó ku ọ̀rọ̀ kan, ti Àbíkẹ́ ni, òun ló sì rán mi. Àwọn oníbàárà méjì ti wá sí Efire nítorí ẹní mẹ́sàn-án yẹn, wọ́n ti gbọ́ pé kò ní hun òmíràn mọ́. Ó ní kí wọ́n máa lọ. Ní ọjọ́ ogójì Alhaji, a ó kó mẹ́sẹ̀ẹ̀sán wá sí Òrù ní òwúrọ̀ kùtùkùtù, a ó tẹ́ wọn sí àgbàlá yín, níbi tí àwọn tó ń ṣàdúrà fún un yóò wà, a kò sì ní kó wọn padà. Mo bi í léèrè bóyá kò ní fẹ́ kí ọ̀kan kù sílé, kó máa fọwọ́ bà á. Ó ní: "Ojú mi kò rí wọn mọ́. Ẹ jẹ́ kí orúnkún àwọn tó ń bá a tọrọ Àljánnà máa rí wọn fún mi."

Alhaja Ọmọ́títí, Qowiyyu, Aqeelah, Ọba tó ń gbọ́ àdúrà yín ní Lárúbáwá, tó ń gbọ́ orin tiwa ní Ìjẹ̀bú, láìsí ẹni tó ń bá a túmọ̀, kó gbọ́ èyí tí ẹ kò lè sọ jáde lẹ́nu pẹ̀lú. Kó tẹ́ Alhaji sí ibi tó rọ̀. Kó fi ọwọ́ ara rẹ̀ nu omijé nù lójú yín, kó sì bá yín gbé nínú ilé náà títí kò fi ní gbòòrò jù fún yín mọ́.

Èmi ni tiyín nínú ìfẹ́,
Hannah Oyètọ́lá,
Ìyá Ẹgbẹ́, fún gbogbo Ẹgbẹ́ Obìnrin Ahun-ẹní.